Àgbọn Olórí Méjì Mẹ́ta

Orúkọ mi ni mo kọ́kọ́ rí. Ọkọ̀ kò tíì ya sí bèbè tí mo ti rí i lórí pátákó gbàgàdà kan, lẹ́tà pupa lórí ọ̀dà funfun: ÈBÚTÉ ÀRÀMÍDÉ. Mo ti gba àmì ẹ̀yẹ nílùú òyìnbó rí, mo ti jókòó níwájú àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n tí wọ́n ń pe orúkọ mi bí ẹni tí egungun ẹja há lọ́nà ọ̀fun, ṣùgbọ́n kò sí èyí tó dùn mọ́ mi tó pátákó yẹn. Mo gbàgbé ara mi, mo dìde dúró nínú ọkọ̀.

"Ẹ jókòó, Àǹtí," ni Sùlèímánì tó ń wa ọkọ̀ náà wí. "Omi ò mọ gbajúmọ̀."

Mo jókòó, ṣùgbọ́n n kò mú ojú kúrò lára orúkọ mi.

Ọmọ Obe-Olówòkéré ni mí, létíkun Ìlàjẹ. Ibẹ̀ ni wọ́n bí mi sí, ṣùgbọ́n ọmọ ọdún mọ́kànlá ni mí nígbà tí wọ́n mú mi lọ sí Èkó, n kò sì padà wá gbé ibẹ̀ mọ́. Ìwé ìtàn àròsọ mẹ́rin ni mo ti kọ, gbogbo wọn ní èdè Gẹ̀ẹ́sì. Obe-Olówòkéré tí mo mọ̀ lọ́mọdé ti wà nísàlẹ̀ òkun báyìí. Bí òkun ṣe ń jẹ Ayétòrò náà ló ṣe jẹ ẹ́, ilé, ṣọ́ọ̀ṣì, itẹ́ òkú, ohun gbogbo. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni àwọn èèyàn wa ti kó sẹ́yìn. Lọ́tẹ̀ yìí wọ́n wọnú odò lọ, wọ́n ri òpó tuntun, wọ́n kọ́ ilé sórí rẹ̀, wọ́n sì kan èbúté tuntun. Ọjọ́ Sátidé ni wọ́n fẹ́ ṣí i, èmi sì ni àlejò pàtàkì. Ọjọ́bọ̀ ni mo dé.

Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ olójú ìwé méjìlélógún wà nínú báàgì mi. "Ta Ni Wá?" ni mo pè é. Mo fẹ́ sọ fún àwọn èèyàn mi bí ìjọba amúnisìn ṣe bá wa kọ ìtàn ara wa, àti pé iṣẹ́ òǹkọ̀wé ni láti gba kálàmù lọ́wọ́ rẹ̀. Mo ti sọ ọ̀rọ̀ náà níbi púpọ̀, wọ́n sì máa ń pàtẹ́wọ́. Ibi tí wọ́n ti ń pàtẹ́wọ́ jù ni ibi àgbọn. Ìwé mi tó lókìkí jù lọ bẹ̀rẹ̀ báyìí: "Ní ilẹ̀ wa, igi àgbọn a máa yọ orí méjì." Orí kan ń wo òkun tí ọkọ̀ òyìnbó gbà wá, orí kejì ń wo ẹrẹ̀ níbi tí ìyá ìyá wa ń gbé. Mo ní àwa tí òyìnbó jọba lé lórí, àgbọn yẹn ni wá. Ìlú mọ́kànlá ni mo ti kiri àgbọn yẹn dé, ó sì ń tà.

Èrò ti pọ̀ ní èbúté. Godwin, ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ girama, tó tún jẹ́ akọ̀wé ìgbìmọ̀ èbúté, ló di ọwọ́ mi mú gòkè. Àwọn obìnrin kí mi, àwọn ọ̀dọ́ ń yà mí ní fọ́tò. Ìyá àgbàlagbà kan ṣoṣo ni kò dìde. Ó jókòó lórí ọkọ̀ kan tí wọ́n dojú rẹ̀ dé, ó ń ṣa edé nínú apẹ̀rẹ̀. Mo lọ síwájú rẹ̀, mo kúnlẹ̀.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, Màmá."

Kò dá mi lóhùn. Ó ṣa edé bíi mẹ́rin sí i. Ẹni tó bá mọ ilẹ̀ wa mọ̀ pé kí àgbà má jẹ́ ìkíni ju èébú lọ.

Nígbà tó ṣe, ó gbójú sókè. "Ọma mi," ó ní, "àgbọn wo?"

Godwin yára fà mí dìde.

Inú ilé rẹ̀ ló ti ṣàlàyé fún mi, nígbà tí ìyàwó rẹ̀ gbé pupuru àti ẹja tútù wá. Ó ń fi ọwọ́ pa tábìlì bí ẹni tó ń nu ìdọ̀tí tí kò sí níbẹ̀.

"Màmá Ìtẹ́olúwakìṣí nìyẹn, mà. Ọmọ Ọlọ́rundáre ni."

"Ọlọ́rundáre wo?"

"Ọlọ́rundáre inú ìwé yín."

Òkèlè dúró sí mi lẹ́nu. Nínú ìwé mi, Ọlọ́rundáre ni ọkùnrin tó júwe ọ̀nà fún aláṣẹ òyìnbó kan wá sí ìlú wa láyé àtijọ́. Ó ta àwọn èèyàn rẹ̀, ìlú tú, òyìnbó sì fi ẹ̀wù òtútù pupa kan san án lẹ́san. Orúkọ rẹ̀ gan-an ni mo lò. Mo rò pé kò lẹ́nìkan láyé mọ́.

Godwin ní gbogbo ìgbà tí ìlú bá ti kó sẹ́yìn ni wọ́n máa ń gbé orúkọ èbúté dání, bí wọ́n ṣe ń gbé àwọ̀n àti ìkòkò. Láti ìgbà tí ẹnikẹ́ni ti lè rántí, Èbúté Ọlọ́rundáre ni orúkọ náà. Àwọn àgbà tó mọ ìdí rẹ̀ ti kú tán. Lọ́dún tó kọjá, òun ka ìwé mi fún àwọn ọ̀dọ́ ní abẹ́ àtíbàbà tí wọ́n ti ń tún àwọ̀n ṣe, òun ń yí i sí èdè wa bí òun ṣe ń kà á. Nígbà tí òun kà á tán, Promise, olórí àwọn ọ̀dọ́, dìde, ó ní àwọn kò ní gbé orúkọ ọ̀dàlẹ̀ lọ sí ìlú tuntun. Wọ́n pa Ọlọ́rundáre rẹ́. Wọ́n wá orúkọ tí yóò rọ́pò rẹ̀. Kò jìnnà sí wọn, ó wà lẹ́yìn ìwé.

"Màmá ní inú òkun ni sàréè bàbá òun wà," ni Godwin wí. "Ó ní bí orúkọ náà bá ti kúrò ní èbúté, kò sí ibòmíràn tí wọ́n máa ti pè é mọ́. Ó sọ fún wa pé irọ́ ni ìwé pa, pé bàbá òun kò da ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n ta ló máa gba ọmọ gbọ́ lórí ọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀, mà?"

Inú bí mi. N kò ní purọ́, kì í ṣe àánú ló kọ́kọ́ ṣe mí. Ẹni tó ń kọ̀wé kì í ṣe akígbe ọba. Mo ti sọ ọ́ lórí ìtàgé, mo sì gbà á gbọ́: bí òtítọ́ bá máa ta àwọn èèyàn rẹ lára, kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣé mo lá a lójú àlá ni? Mo ní ìwé àkọsílẹ̀ lọ́wọ́. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni mo fi jókòó sínú eruku níbi tí ìjọba ń kó àwọn ìwé àtijọ́ sí kí n tó rí ìròyìn tí aláṣẹ náà fúnra rẹ̀ kọ. Mo ya àwòrán rẹ̀ sínú fóònù mi. Mo sọ fún Godwin pé lówùúrọ̀ ọ̀la, màá lọ kà á fún Màmá létí, kí ọ̀rọ̀ ó parí.

Sùlèímánì ló wà mí lọ lówùúrọ̀ Jímọ̀, nítorí omi ni títì wọn láàárín ilé sí ilé. Màmá ń yan ẹja ní ẹ̀yìnkùlé. Mo kí i, kò jẹ́ mi. Sùlèímánì kí i, ó jẹ́ ẹ, ó tilẹ̀ béèrè àwọn ìyàwó rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Mo gbé ìbínú mì.

"Màmá, mo mú ìwé tí òyìnbó kọ wá."

"Kà á." Ìlàjẹ pọ́ńbélé ni Màmá ń sọ. Tèmi ti dípẹtà, nítorí náà bí mo ṣe gbọ́ ọ ni mò ń kọ ọ́ síbí; aghan tirẹ̀ ni wọ́n, uli sì ni ilé.

Mo yọ fóònù, mo ń yí i sí Yorùbá bí mo ṣe ń kà á. "A gbéra ní aago mẹ́fà òwúrọ̀. Atọ́nà wa ni ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Ọlọ́rundáre, ẹni pẹ̀lẹ́, olóòótọ́. Ní aago mẹ́jọ a kọjá igi àgbọn kan tó yọ orí méjì, ní apá òsì wa. Irú rẹ̀ ṣàjèjì sí mi."

Màmá yí ẹja kan padà lórí iná.

"Odò náà lọ́ púpọ̀, ẹ̀fọn sì pọ̀. Nígbà tí aago mọ́kànlá kọjá díẹ̀, a rí igi àgbọn olórí méjì mìíràn, lápá ọ̀tún."

Mo gbọ́ tí Sùlèímánì wúkọ́ lẹ́yìn mi. Mo tẹ̀ síwájú. "Ní aago mẹ́ta ọ̀sán a kọjá ìkẹta, lápá òsì. Ó hàn pé irú àgbọn bẹ́ẹ̀ wọ́pọ̀ ní agbègbè yìí."

Sùlèímánì bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà pọ̀ débi pé ó di òpó ilé mú. "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún ibẹ̀ yẹn kà. Ó wọ́pọ̀ kẹ̀?"

"Kí ló ń pa ọ́ lẹ́rìn-ín?"

"Àgbọn Ìbejì ni! Ọ̀kan ṣoṣo péré ni. Bàbá mi àgbà fi hàn mí kí òkun tó wó o. Láti ibí dé Etikan, kò sí èkejì rẹ̀. Gbogbo apẹja ló ń fi í ṣàmì." Ó nu ojú rẹ̀. "Ojú kan náà ni òyìnbó yẹn ń yí po láti àárọ̀!"

Mo wo fóònù mi. Aago mẹ́jọ, aago mọ́kànlá, aago mẹ́ta. Òsì, ọ̀tún, òsì. Bóyá ìgbà ogún ni mo ti ka ìròyìn yẹn. Mo há a sórí pàápàá. Gbólóhùn àkọ́kọ́ ìwé mi, èyí tí mo fi ń ṣàlàyé irú ẹ̀dá tí a jẹ́ fún gbogbo ayé, inú ìròyìn yẹn ni mo ti mú un; n kò fojú ara mi rí igi náà rí. Òyìnbó tó ṣìnà ló sọ ọ́, èmi ọmọ ibẹ̀ ni mo gbé e rù.

"Láti ibi tí ó ti gbéra," ni Màmá wí, "arúgbó bíi tèmi lè fi àjẹ̀ wà á dé kí oòrùn tó mú. Aago mélòó ni ó kọ pé òun dé?"

Mo wá ibẹ̀. "Bí ilẹ̀ ṣe ń ṣú ni a dé abúlé náà. Òpó nìkan ni a bá nínú omi. Ó hàn pé wọ́n ti kọ ibẹ̀ sílẹ̀ láti ìgbà pípẹ́. Atọ́nà wa ṣiṣẹ́ tọkàntọkàn láti àárọ̀ dalẹ́. Mo fún un ní ẹ̀wù òtútù mi pupa."

"Láti ìgbà pípẹ́," ni Màmá tún sọ, ó sì rẹ́rìn-ín fún ìgbà àkọ́kọ́. Eyín mẹ́ta ló kù ní iwájú, ẹ̀rín náà sì dára lójú rẹ̀. "Aghan sọ pé abéèrè kì í ṣìnà. Òyìnbó yẹn béèrè o. Bàbá mi ló bi léèrè."

Ó wá sọ ọ́ fún mi bí bàbá rẹ̀ ṣe sọ ọ́ fún un. Àwọn ọkùnrin ìlú kọ̀, wọ́n ní àwọn kò ní bá ìjọba gbẹ́ odò lófẹ̀ẹ́ mọ́. Òyìnbó fẹ́ wá kó wọn ní okùn lọ́rùn, kó sì dáná sun ilé. Wọ́n mú Ọlọ́rundáre pé kó wá júwe ọ̀nà. Ó ránṣẹ́ sílé lábẹ́lẹ̀, ó sì wọ ọkọ̀ òyìnbó, ó ní, "Ẹ jẹ́ ká máa lọ, ọ̀gá."

"Ṣé ìyá rẹ sọ ibi tí wọ́n bí i sí fún ọ?" ni Màmá bi mí.

"Ó ní inú ọkọ̀ ni. Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ."

"Ọkọ̀ ìyá mi ni. Ìyá ìyá rẹ ń rọbí láàárọ̀ ọjọ́ náà, kò lè dìde lórí ẹní. Nígbà tí òyìnbó ń wo àgbọn àkọ́kọ́, aghan ń tú ògiri uli. Nígbà tó ń wo èkejì, aghan ti ń kó ẹrù sọ́kọ̀, wọ́n sì gbé ìyá ìyá rẹ sí àárín ẹrù. Nígbà tó ń wo ìkẹta, ọmọ dé, láàárín igi ẹ̀gbà tó dí nínú omi lọ́hùn-ún, níbi tí òyìnbó kan kò lè dé. Òtútù ń mú ọmọ náà. Nígbà tí bàbá mi bá wọn lálẹ́, ẹ̀wù pupa yẹn ni ó fi wé e." Ó yí ẹja mìíràn padà. "Ìyá rẹ ni ó fi wé."

Ojú tì mí. N kò mọ ọ̀nà mìíràn tí mo lè gbà sọ ọ́. Ojú tì mí débi pé mo fẹ́ kí pákó ilé náà là kí omi gbé mi. Mo dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ bí ọkùnrin, mo gbàgbé pé obìnrin ni mí, mo sì sunkún. Àlejò lójú, kò fi ríran. Òyìnbó yẹn ni mo máa ń pa òwe náà mọ́ tẹ́lẹ̀.

Màmá jẹ́ kí n sunkún tẹ́ mi lọ́rùn. Lẹ́yìn náà ló sọ̀rọ̀, kò gbé ohùn sókè. "O bi òyìnbó léèrè nípa wa. O kò bi wá léèrè nípa òyìnbó."

Ní ọjọ́ Sátidé, èbúté kún fọ́fọ́. Ọkọ̀ wá láti Òde Mahin àti Ayétòrò, àwọn akọrin ṣọ́ọ̀ṣì wọ funfun, alága àdúgbò wà níbẹ̀. Màmá Ìtẹ́olúwakìṣí náà jókòó sórí ọkọ̀ adojúdé rẹ̀, ó ń ṣa edé, bí ẹni pé ọ̀rọ̀ náà kò kàn án. Wọ́n pè mí. Mo fi ojú ìwé méjìlélógún sílẹ̀ lórí àga, mo mú fóònù mi nìkan.

Mo ní, "Kí n tó ṣí èbúté yìí, ẹ jẹ́ kí n ka ohun tí òyìnbó kan kọ nípa Ọlọ́rundáre fún yín."

Àwọn ọ̀dọ́ kùn. Mo kà á. Ní àgbọn àkọ́kọ́, kò sẹ́ni tó mira. Ní èkejì, àwọn àgbà apẹja tó jókòó níwájú ń wojú ara wọn. Nígbà tí mo dé ìkẹta, tí mo kà á pé irú rẹ̀ wọ́pọ̀ ní agbègbè yìí, ẹ̀rín bẹ́ lójijì. Bàbá kan ń fi ọ̀pá nà pákó èbúté. Àwọn obìnrin ń gbá ara wọn léjìká. Àwọn tí kò mọ ìtàn àgbọn ń bi ẹni tó mọ̀ ọ́n, ẹ̀rín sì tún ń ràn. Mo dúró títí ó fi rọlẹ̀, mo sì sọ ìyókù, bí wọ́n ṣe tú ilé àti bí wọ́n ṣe bí ìyá mi.

Promise dìde. Ọmọkùnrin gíga kan ni, ojú rẹ̀ kò rẹ́rìn-ín. "Àǹtí, ẹ má bínú. Lọ́dún tó kọjá, ìwé yín sọ pé ọ̀dàlẹ̀ ni, a gbà yín gbọ́. Lónìí ẹ ní akọni ni. Ẹ̀yin kan náà ni. Èwo ni ká gbà?"

Kò sí ọ̀jọ̀gbọ́n tó tíì bi mí ní ìbéèrè tó tó yẹn. Mo ní, "Má gba èmi gbọ́. Mo ṣe àṣìṣe, mo sì tẹ̀ ẹ́ jáde. Ìwọ tí o mọ odò yìí, tí o ń fi òkùnkùn wakọ̀ nínú rẹ̀, ìwọ ni o lè ka ìwé yìí jù mí lọ. Àgbọn olórí méjì mélòó ló wà níhìn-ín rí?"

Promise wo àwọn àgbà. Ó wo Màmá. Mo rí i tí ó ń fi ọkàn wa ọkọ̀ náà, tí ó ń yà sósì, tí ó ń yà sọ́tùn-ún. Ẹ̀rín sì bẹ́ lẹ́nu òun náà.

"Ọ̀kan," ó ní. "Ọkùnrin yẹn mà gbọ́n o." Ó bọ́ sílẹ̀, ó lọ gbé àkàsọ̀.

Ọ̀dà tí Sùlèímánì fi ń kun ọkọ̀ ni a rí lò, àwọ̀ búlúù tí kò bá pátákó náà mu rárá. Godwin fẹ́ kí a pe akunlé tó mọ iṣẹ́, mo ní rárá. Èmi ni mo gun àkàsọ̀, Promise sì dì í mú nísàlẹ̀. Mo fi ọwọ́ ara mi pa orúkọ mi rẹ́. Ó dùn mí díẹ̀, n kò ní purọ́. Lẹ́yìn náà ni mo bẹ̀rẹ̀ sí kọ tirẹ̀. Ìwé mẹ́rin ni mo ti kọ, kò sí èyí tó le tó lẹ́tà mẹ́wàá yẹn. Wọ́n wọ́, Ọ àkọ́kọ́ tóbi ju èkejì lọ, ọ̀dà ṣàn sí mi lápá.

Èrò ti ń fọ́n ká nígbà tí mo bọ́ sílẹ̀. Oòrùn ti ń wọ̀. Màmá ti wá sábẹ́ pátákó, ó gbé orí sókè, ó ń wo àwọn lẹ́tà tí kò lè kà.

"Kí ni o kọ síbẹ̀?"

"Èbúté Ọlọ́rundáre."

"Tún un kà."

Mo tún un kà. Ó tún ní kí n kà á. Ìgbà mẹ́ta ni mo kà á, Màmá sì ń mi orí lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan bí ẹni tó ń ka ọmọ rẹ̀ wọlé.

"Ìwé ọjọ́sí ńkọ́?" ó bi mí. "Ìyẹn tó wà káàkiri ayé."

"Màá tún un kọ, Màmá. Màá gbé òtítọ́ sí ibi tí irọ́ wà."

"Ní èdè wo?"

"Ní èdè tí ẹ máa gbọ́, kí ẹ lè bá mi wí."

Ó rò ó wò. Ó padà síbi ọkọ̀ adojúdé rẹ̀, ó ti apẹ̀rẹ̀ edé sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó sì fi ọwọ́ gbá ibi tó ṣófo lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mo lọ síwájú rẹ̀, mo kúnlẹ̀ gẹ́gẹ́ bí mo ti kúnlẹ̀ ní Ọjọ́bọ̀.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, Màmá."

"Kú ìrọ̀lẹ́, ọma mi," ni Màmá Ìtẹ́olúwakìṣí dá mi lóhùn.